Bàtà Tí Kò Rí Iyọ̀

Ní ọ̀sán ọjọ́ Ìsinmi kan, àwa obìnrin mẹ́rin jókòó sí pálọ̀ Màmá Ìsàlẹ̀ ní Highbridge lókè òkun, à ń fi obìnrin kan tó wà lórí tẹlifíṣọ̀n ṣe yẹ̀yẹ́. Nínú àwa mẹ́rẹ̀ẹ̀rin, ẹ̀rín tèmi ló ròkè jù. Èmi náà sì ni obìnrin tí à ń fi ṣe yẹ̀yẹ́. Mo mọ̀ bẹ́ẹ̀, mo sì ń rẹ́rìn-ín lọ.

Ẹ jẹ́ kí n ti ìbẹ̀rẹ̀ wá. Ilé wa wà lórí òkè, ọ̀kan lára àwọn ilé bíríkì àtijọ́ tí páìpù tó ń mú ilé gbóná máa ń kan gbàgàgbàgà nínú ògiri, tí ẹlifétọ̀ wọn kì í sì í sábà ṣiṣẹ́. Màmá Ìsàlẹ̀ ń gbé ní àjà àkọ́kọ́, ìdí nìyẹn tí a fi ń pè wọ́n bẹ́ẹ̀. Èmi wà ní àjà kẹta. Ọmọ Ìjẹ̀bú ni wọ́n, wọ́n ti fẹ̀yìn tì lẹ́nu iṣẹ́ aṣọ fífọ̀ ní ọsibítù kan. Ọmọbìnrin wọn ti ra ilé sí Laurelton, ó ti ṣètò yàrá kan sílẹ̀ fún wọn níbẹ̀, ṣùgbọ́n wọ́n kọ̀ jálẹ̀. Wọ́n ní ilé náà dára o, àmọ́ àfi tí iná bá sọ kí èèyàn tó gbọ́ ohùn aládùúgbò níbẹ̀.

Lọ́dọ̀ wọn la ti ń wo eré alátìgbàdégbà kan tó ń ti Nàìjíríà wá. Alẹ́ ọjọ́ Ìsinmi ni wọ́n ń fi í hàn ní Èkó, lẹ́yìn ìròyìn, nígbà tí gbogbo ilé bá ti jẹun tán. Lọ́dọ̀ tiwa, ọ̀sán ṣì ni. A ṣẹ̀ṣẹ̀ ti ṣọ́ọ̀ṣì dé, gèlè ṣì wà lórí wa, Ìyá Ìbejì ará Ìbàdàn, tí kì í lọ ṣọ́ọ̀ṣì, á sì ti jókòó dè wá. Àdúgbò kan ṣoṣo ni gbogbo eré náà dá lé. Kò sí ẹni tó ń fò lóru nínú rẹ̀, kò sí ẹni tó ń yìnbọn. Ta ló da omi ìfọṣọ sójú gọ́tà, èéfín jẹnẹrétọ̀ ta ló ń wọ fèrèsé ta, ta ló kọ̀ láti gbálẹ̀ nígbà tó kàn án: ohun tó ń ṣẹlẹ̀ níbẹ̀ kò ju ìyẹn lọ. Síbẹ̀ a kì í fẹ́ kó parí.

A kì í sì í dákẹ́ wò ó. A máa ń bá àwọn èèyàn inú rẹ̀ sọ̀rọ̀ ni. Ìyàwó Onítakisí, tó ń bá wọn tajà ní ṣọ́ọ̀bù aṣọ kan ní Fordham, ló lẹ́nu jù. Á dìde dúró, á na ìka sí tẹlifíṣọ̀n: "Lándílọọ̀dù, ọjọ́ ń bọ̀ tí wọ́n máa tìlẹ̀kùn mọ́ ìwọ náà síta!" Ìyá Ìbejì á máa ṣàdúrà fún ẹni tí nǹkan ò bá dára fún. Màmá Ìsàlẹ̀ kì í sọ̀rọ̀ púpọ̀. Wọ́n á kàn máa mi ẹsẹ̀. Iṣẹ́ tèmi ni kí n dájọ́. Mo fẹ́ràn kí n máa dájọ́ fún èèyàn, n kò ní í purọ́. Kí eré tó dé ìdajì, mo ti mọ ẹni tó jẹ̀bi.

Ọkọ mi fi ilé sílẹ̀ kí òtútù tó dé. Ó ní òun àti ọ̀rẹ́ òun fẹ́ lọ máa wa tírélà ní Texas, pé tí òun bá ti rí ibi fìdí kalẹ̀, òun á ní kí n máa bọ̀. Ní ìbẹ̀rẹ̀, alaalẹ́ ló ń pè mí. Nígbà tó yá, ó di ọ̀sọ̀ọ̀sẹ̀. Nígbà tó fi máa di Kérésì, ó sọ fún mi lórí fóònù, pẹ̀lú ohùn tí èèyàn fi ń sọ pé òjò máa rọ̀ lọ́la, pé òun ti ń gbé pẹ̀lú obìnrin kan. Ó ní kí n máa tọ́jú ara mi. Mo ní, "Ẹ ṣé." Títí di òní, tí mo bá rántí pé mo dúpẹ́ lọ́wọ́ ọkùnrin yẹn, ojú á tì mí.

Látìgbà tó ti lọ, n kò sọ fún ẹnikẹ́ni nínú ilé náà pé kò sí níbẹ̀ mọ́. Ní ìlú yìí, irú irọ́ bẹ́ẹ̀ rọrùn láti pa. Mo ní iṣẹ́ alẹ́ ló ń ṣe: tí ẹ bá ń jáde, ó ń sùn, tí ẹ bá ń wọlé, ó ti lọ. Tọkọtaya tó pọ̀ nínú ilé wa ló jẹ́ pé ẹnu ọ̀nà ni wọ́n ti ń pàdé ara wọn, torí náà kò sí ẹni tó bi mí ní ìbéèrè kejì.

Bàtà rẹ̀ ló wá ń jẹ́rìí mi. A kì í wọ bàtà wọlé níbẹ̀; orí ẹní ìnusẹ̀ tó wà níta ilẹ̀kùn ni kálukú ń bọ́ ọ sí. Ó fi bàtà méjì sílẹ̀, dúdú kan tó lókùn àti búráùn kan tí kò lókùn. Màá gbé dúdú síta fún ọjọ́ méjì mẹ́ta, màá wá fi búráùn pààrọ̀ rẹ̀. Nígbà mìíràn mo máa ń fi ẹsẹ̀ ti ọ̀kan ṣubú, kó lè dà bíi pé ó ti rẹ ẹni tó bọ́ ọ. Ní Sátidé mo máa ń kùn wọ́n, mo sì máa ń fi aṣọ rírọ̀ nù wọ́n títí wọ́n á fi máa dán. Nígbà tó wà nílé, n kò kun bàtà fún un rí.

Màmá Ìsàlẹ̀ a sì máa gbé oúnjẹ ránṣẹ́ sí i. Tí eré bá ti parí, wọ́n á wọ kíṣìnì lọ, wọ́n á di mọ́ínmọ́ín sínú fóìlì, tàbí kí wọ́n bu ìrẹsì àti ẹja díndín sínú abọ́ onídèérí. "Gbé e fún ọkọ ẹ," wọ́n á ní, "kó jẹun kó tó lọ síbi iṣẹ́." Màá kúnlẹ̀ gbà á, màá gun àtẹ̀gùn lọ sókè, màá jókòó sórí bẹ́ẹ̀dì, màá jẹ ẹ́ tán. Tí ilẹ̀ bá mọ́, màá dá abọ́ padà.

"Ó ní ẹ ṣé gan-an, Màmá. Ó ní ó dùn."

"Kò tọ́pẹ́," wọ́n á ní.

Nínú ẹbí ọkọ mi, ẹnì kan ṣoṣo ló ṣì ń pè mí, àbúrò rẹ̀ ọkùnrin. Ọmọ iléèwé ni nígbà tí mo wọlé wọn, ṣùgbọ́n mo bá a nílé, ọkọ mi lòun náà, n kò sì gbọdọ̀ pè é lórúkọ. Lọ́jọ́ ìgbéyàwó wa, ó wọ ìbọ̀sẹ̀ funfun tó fà dé orúnkún, ó sì ń sáré kiri nínú eruku. Mo sọ ọ́ ní Oníbọ̀sẹ̀-funfun lọ́jọ́ náà, ó sì mọ́ ọn lára. N kò rò pé ìyàwó mìíràn wà láyé tó ń pe ẹnikẹ́ni bẹ́ẹ̀. Tó bá pè mí nígbà tí mo wà ní pálọ̀ Màmá, màá pariwo, "Oníbọ̀sẹ̀-funfun mi!" Àwọn yòókù á bú sẹ́rìn-ín, Ìyàwó Onítakisí á sì na ọrùn síbi fóònù: "Oníbọ̀sẹ̀-funfun, ṣé dáadáa lẹ wà? Ìyàwó yín ò jẹ́ ká gbádùn níbí o!"

Ó ti dàgbà, eré ló ń kọ ní Èkó. Ní nǹkan bí oṣù kan lẹ́yìn Kérésì, ó sọ fún mi pé wọ́n ti gba òun mọ́ àwọn tó ń kọ eré tí à ń wò yìí gan-an. N kò sọ fún àwọn obìnrin náà. Kì í ṣe ìrẹ̀lẹ̀ o. Mo ń dúró kí orúkọ rẹ̀ jáde níparí eré, kí n wá fi ohùn jẹ́jẹ́ sọ pé, "Àh, ọkọ mi kékeré nìyẹn," kí gbogbo wọn fò dìde. Mo ti ń dán ohùn náà wò níwájú dígí.

Òun yìí náà ni mo sọ ọ̀rọ̀ bàtà fún ní òwúrọ̀ kan. Mo fi ṣe àwàdà, torí n kò fẹ́ sunkún sí ọmọdé létí. Mo ní, "Mo ti rí ọkọ tí kì í jẹun, tí kì í sì í bínú." Àwa méjèèjì rẹ́rìn-ín títí, ẹ̀rín náà sì kọ́kọ́ tán lọ́dọ̀ tiẹ̀.

Nígbà tí obìnrin tuntun kan wá kó wọ àdúgbò inú eré náà, tó jáde láàárọ̀, tó gbé bàtà ọkùnrin sí ẹnu ọ̀nà, tó wo ọ̀tún, tó wo òsì, tó wá fi ẹsẹ̀ ti ọ̀kan ṣubú, mo mọ ẹni tí mò ń wò.

Pálọ̀ dákẹ́. Ó dà bíi pé ìdákẹ́ náà ti gùn jù. Mo rò pé bí n kò bá tètè la ẹnu, ojú mi máa sọ gbogbo rẹ̀.

"Òpònú obìnrin!" mo pariwo. "Ṣé bàtà ni yóò máa bá a jẹun?"

Ìyàwó Onítakisí wò mí. Ó wá ní, "Ẹ bá mi bi í o!" Ìyá Ìbejì rẹ́rìn-ín díẹ̀. Màmá Ìsàlẹ̀ kò rẹ́rìn-ín. Ẹsẹ̀ ara wọn ni wọ́n ń wò.

Bó ṣe di àṣà wa nìyẹn. Bí obìnrin náà bá ti yọjú, èmi ni màá kọ́kọ́ sọ̀kò ọ̀rọ̀. Mo ní ó dájú pé kò mọ ọbẹ̀ ẹ́ sè. Mo ní ojú ẹ̀ ti le jù, pé kò sí ọkùnrin tó lè máa jí rí irú ojú bẹ́ẹ̀ láràárọ̀. Mo ní ẹni tó bá fẹ́ràn ẹjọ́ dídá tó báyẹn, kó lọ fẹ́ kóòtù. Kì í ṣe èmi ni mo ronú kan àwọn ọ̀rọ̀ yìí. Ọkọ mi ló sọ wọ́n sí mi nígbà tí à ń jà, ọ̀kọ̀ọ̀kan wọn, mo kàn ń tún wọn sọ ni. Àwọn yòókù á rẹ́rìn-ín, èmi náà á rẹ́rìn-ín, tí mo bá gòkè tán, ìtìjú ò ní í jẹ́ kí n lè wo bàtà tó wà lẹ́nu ọ̀nà mi. Màá wọlé kíákíá bí ajigbèsè tó rí ẹni tó jẹ.

Mo pe àbúrò ọkọ mi. Inú bí mi débi pé mo sọ "ìwọ" sí i, ohun tí n kò ṣe rí láti ọjọ́ tí mo ti wọlé wọn.

"Ìwọ! Yọ obìnrin yẹn kúrò."

"Àǹtí mi, ẹ jọ̀ọ́, sọ́rì. Mo rò pé kò sẹ́ni tó máa mọ̀ níbẹ̀."

"Èmi ńkọ́? Ṣé èmi ò sí lára ẹni ni?"

"Kì í ṣe láti fi yín ṣe yẹ̀yẹ́. Àwọn èèyàn fẹ́ràn ẹ̀ níbí, Àǹtí. Ìyá mi gan-an ń sunkún tí wọ́n bá ti rí i."

"Níbí, bíbú là ń bú u."

"Ta ló ń bú u?"

Mo ní kó sáà yọ ọ́. Ó ní wọ́n ti ya apá tó pọ̀ sílẹ̀, kò sí bí òun ṣe lè yọ ọ́ mọ́. Ó ní, "Àǹtí, nǹkan kan tún wà níbẹ̀ tí mo fi sí i, kí n lè fi kí yín..." Mo pa fóònù mọ́ ọn lẹ́nu. Ó yẹ kí n jẹ́ kó sọ ọ́ tán.

Lọ́jọ́ Ìsinmi tó tẹ̀ lé e, yìnyín ti rọ̀ láti òru. A gbọn ẹsẹ̀ dáadáa kí a tó wọ pálọ̀ Màmá. Eré bẹ̀rẹ̀, obìnrin náà yọjú, mo bẹ̀rẹ̀ iṣẹ́ mi. Mo ní ẹ wo irú aṣọ tó wọ̀. Ìyàwó Onítakisí dìde, ó na ìka. Lórí tẹlifíṣọ̀n, obìnrin náà jókòó sétí bẹ́ẹ̀dì, ó gbé fóònù sétí, ó rín ẹ̀rín tí èèyàn máa ń rín kí ohùn rẹ̀ má bàa gbọ̀n, ó ní:

"Oníbọ̀sẹ̀-funfun mi!"

Páìpù inú ògiri kan lẹ́ẹ̀mejì. Ìka Ìyàwó Onítakisí ṣì wà lókè, ó wá rọra ká a kò, ó jókòó, ó ń tún gèlè rẹ̀ ṣe níbi tí kò ti bà jẹ́. Ìyá Ìbejì tẹ orí ba. Ká ní ilẹ̀ lanu nígbà yẹn, fúnra mi ni mo máa bọ́ sínú rẹ̀. N kò mọ ibi tí mo lè gbé ọwọ́ mi sí.

Màmá Ìsàlẹ̀ mú rìmóòtù, wọ́n pa ohùn eré náà. Obìnrin náà ṣì ń la ẹnu, ó ń pa á dé. "Òtútù yìí pọ̀," ni Màmá wí, wọ́n sì wọ kíṣìnì lọ. Nígbà tí wọ́n jáde, abọ́ onídèérí wà lọ́wọ́ wọn bí ìṣe wọn. Wọ́n nà án sí mi. "Gbé e fún..." wọ́n ní, wọ́n sì dúró. "Gbà," ni wọ́n wá ní. Mo kúnlẹ̀, mo gbà á, mo gòkè lọ. Oúnjẹ náà tutù sórí tábìlì.

Gbogbo ọ̀sẹ̀ yẹn, ẹ̀yìnkùlé tí wọ́n ń kó ìdọ̀tí sí ni mo ń gbà jáde, kí n má bàa kọjá lẹ́nu ọ̀nà Màmá. Nígbà tí ọjọ́ Ìsinmi pé, n kò lọ. Mo pa iná, mo jókòó, mo ń retí kí wákàtí eré náà kọjá lọ. Ẹlifétọ̀ kò ṣiṣẹ́ lọ́jọ́ náà, torí náà mo gbọ́ bí ẹnì kan ṣe ń mí gúlegúle bọ̀ lórí àtẹ̀gùn kí wọ́n tó kan ilẹ̀kùn. Màmá Ìsàlẹ̀ ni. Wọn kò fẹ́ wọlé. Wọ́n jókòó sórí àtẹ̀gùn, wọ́n ní kí n wá jókòó ti àwọn.

Mo kúnlẹ̀ ni. Mo ní, "Màmá, ẹ forí jì mí. Irọ́ ni mò ń pa fún yín."

"Dìde. Wo bàtà ẹ."

Mo wo bàtà òtútù mi lórí ẹní ìnusẹ̀. Iyọ̀ tí wọ́n ń dà sójú títì kí yìnyín lè yọ́ ti gbẹ mọ́ ọn lára, ó funfun yíká ìdí rẹ̀.

"Wo ti ọkọ ẹ."

Bàtà dúdú náà ń dán. Mo ti kùn ún lánàá.

"Látìgbà yìnyín àkọ́kọ́, kò sí bàtà tí kò funfun nínú building yìí," ni Màmá wí. "Ti ọmọ kékeré, tiwa, ti súpà tó ń bójú tó ilé. Ti ọkọ ẹ nìkan ló ń dán. Àfi tó bá ń fò lọ síbi iṣẹ́."

"Ẹ ti mọ̀ látìgbà yẹn?"

"Àwa mẹ́tẹ̀ẹ̀ta."

"Ìyàwó Onítakisí náà? Ó wá ń bú obìnrin yẹn lójú mi?"

"Ìwọ lo kọ́kọ́ bú u. A ò mọ ohun tí à bá ṣe. Tá ò bá bá ẹ rẹ́rìn-ín, wàá mọ̀ pé a mọ̀. Onítakisí ní ẹkún ni ìyàwó òun ń sun tó bá délé."

Mo ti rò pé ìtìjú tèmi ti tán ní pálọ̀ lọ́jọ́ tí obìnrin yẹn sọ̀rọ̀ sórí fóònù. Kò tíì bẹ̀rẹ̀. Ojú ti mí nígbà tí mo rò pé wọ́n mọ̀ pé ọkọ kọ̀ mí. Èyí tó ń tì mí báyìí kò ní í ṣe pẹ̀lú ọkọ rárá. Mo mú obìnrin mẹ́ta tó fẹ́ràn mi, mo sọ wọ́n di ẹni tó ń bá mi bú ara mi, ọ̀sẹ̀ lórí ọ̀sẹ̀, wọ́n sì ṣe é nítorí mi. Mo bo ojú mi. Ọ̀rọ̀ oúnjẹ ló kọ́kọ́ jáde lẹ́nu mi.

"Màmá, ẹ wá ń gbé oúnjẹ fún ẹni tí kò sí?"

"Ta ló ń jẹ ẹ́?"

"Èmi ni."

"Ẹni tí mò ń gbé e fún nìyẹn."

Wọ́n di ọ̀pá àtẹ̀gùn mú, wọ́n dìde, wọ́n ní kí n dá abọ́ àwọn padà.

Lọ́jọ́ Ìsinmi kejì, mo wọ ìbọ̀sẹ̀ funfun méjì léra wọn, mo ki ẹsẹ̀ bọ inú bàtà dúdú ọkọ mi, mo fa okùn rẹ̀ le. Mo wọ́ ọ sọ̀kalẹ̀ lọ sójú títì. Mo gba orí yìnyín, mo gba inú omi dúdú tó wà létí ibi tí bọ́ọ̀sì ń dúró sí, mo ra búrẹ́dì fún Màmá, mo sì gun òkè padà. Kò rọrùn láti rìn nínú bàtà tó tóbi. Ẹ̀ẹ̀mejì ni mo fẹ́rẹ̀ẹ́ ṣubú. Nígbà tí mo dé ẹnu ọ̀nà Màmá, mo bọ́ ọ sẹ́gbẹ̀ẹ́ tiwọn.

Ìyàwó Onítakisí ló ṣílẹ̀kùn. Ó wo bàtà náà, ó wò mí.

"Bàtà yìí tóbi jù ẹ́ lọ o."

"Mo mọ̀."

Ó bẹ̀rẹ̀ mọ́lẹ̀, ó gbọn yìnyín ara rẹ̀ dànù, ó tò ó mọ́ tiẹ̀ dáadáa, ó sì bọ́ sẹ́gbẹ̀ẹ́ kí n lè wọlé. N kò lè wo ojú rẹ̀. Mo jókòó síbi tí mo máa ń jókòó.

Eré bẹ̀rẹ̀. Wọ́n ti ya gbogbo rẹ̀ sílẹ̀ tẹ́lẹ̀, torí náà obìnrin náà kò tíì gbọ́ ohunkóhun. Ó tún jáde láàárọ̀, ó tún gbé bàtà náà síta, ó wo ọ̀tún, ó wo òsì. Èmi ni wọ́n ń dúró dè. Ojú ń tì mí, mo rí i tó ń gbé ẹsẹ̀ láti ti ọ̀kan ṣubú.

"Wọ̀ ọ́!" mo pariwo. "Ìyá, wọ̀ ọ́ kó o jáde!"

Ó ti í ṣubú, ó sì wọlé lọ.

"Kò gbọ́," ni Màmá Ìsàlẹ̀ wí. "Tún un sọ."